Ilé Tí A Kì í Ti í Pe Ẹrù Ní Ẹrù

Ìjẹ̀bú-Ọ̀wọ̀,
Ọjọ́ kọkàndínlógún, oṣù kejì, ọdún 2025.

Folúkẹ́ ọmọ mi,

Bí wọ́n bá ní kí ènìyàn máa lọ, pé ó ti bọ́ lóko ẹrú, ta ló yẹ kó gbọ́ ọ kí ọ̀rọ̀ náà tó di òótọ́: òun fúnra rẹ̀ ni, àbí àwọn aládùúgbò rẹ̀? Ìbéèrè yìí ni kò jẹ́ kí n fojú kan oorun lánàá. Ìwọ lo fà á. Ìwọ lo pè mí pé ṣọ́ọ̀ṣì yín ní Hull fẹ́ kí o sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ ìrántí àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú, pé kí n ràn ọ́ lọ́wọ́, nítorí pé láíbìrì ni mo ti lo ọjọ́ ayé mi.

Mo kí ọ kú òtútù. Ṣé ara le? Ṣé àwọn arúgbó tí ò ń tọ́jú kò tíì fi ariwo lé ọ kúrò nílùú? Níbí, ọyẹ́ ti lọ, ooru ti gba ipò rẹ̀. Iná ìjọba ń ṣe bí àlejò tí kò fẹ́ jókòó. Mo ń kọ èyí sórí ìwé, màá sì fi fóònù ya àwòrán rẹ̀ ránṣẹ́, nítorí pé ọ̀rọ̀ tó bá nípọn kì í gba ẹnu fóònù. Ibi tó bá ti fẹ́ kan eegun gan-an ni nẹ́tíwọ́ọ̀kì ti ń lọ.

Ohun tí mo rí kà nìyí, kí o mú èyí tó bá wúlò. Ọdún 1807 ni ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fòfin de òwò ẹrú. Títà àti ríra ni wọ́n fòfin dè o. Ẹni tó ti wà lóko ìrèké ṣì wà níbẹ̀. Ọdún 1833 ni wọ́n tó ṣe òfin pé kí wọ́n dá àwọn yẹn náà sílẹ̀. Nígbà tí wọ́n sì máa sanwó gbà-má-bínú, àwọn tó ni ẹrú ni wọ́n san án fún. Ẹni tí wọ́n nà kò gba kọ́bọ̀. Wọ́n tún ní kó kọ́kọ́ sin olówó rẹ̀ fún ọdún díẹ̀ sí i, kó lè kọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe òmìnira. Mo ka ibẹ̀, mo pa ìwé dé. Ní tiwa, ọ̀rúndún mìíràn ti wọlé kí òfin wọn tó dé igbó wa níbí.

Ní ti ìbéèrè rẹ kejì, bóyá kí o wálé nígbà tí wọ́n bá fi mí jẹ olórí ẹbí: má ra tíkẹ́ẹ̀tì. Lóòótọ́, láti ìgbà tí a ti sin Bàbá Akínbọ̀wálé, èmi ni ọjọ́ orí kàn láti jẹ olórí ẹbí Adédàmọ́lá. Ṣùgbọ́n Ọlámúyìwá ni wọ́n máa fi jẹ. Èmi náà sì fọwọ́ sí i. Ara mi kò gbé e. Má bèèrè púpọ̀.

Tiwátọ́pẹ́ àbúrò rẹ ń kọrin káàkiri ilé. Lẹ́yìn Àjíǹde ni àwọn ará ilé Abigail ń bọ̀ wá ṣe ìwádìí wa kí wọ́n tó fún un ní ọmọ wọn. Nọ́ọ̀sì ni ọmọ náà nílé ìwòsàn ní Ọ̀wọ̀. Bàbá rẹ̀ fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba. Irú ẹni tó máa ń ka àdúrà tán kó tó ṣe àmín ni. Bá wa bẹ Ọlọ́run.

Èmi ni bàbá rẹ,
Babátọ́pẹ́ Akínfẹ́mi.


Hull,
Ọjọ́ kẹrìnlélógún, oṣù kejì, ọdún 2025.

Bàbá mi,

Mo kúnlẹ̀ kí yín. Ẹ kú ooru, ẹ kú àìríná. Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru yín wà lọ́wọ́ ẹnìkan tó ń bọ̀ wálé. Ẹ má fi agbo rọ́pò rẹ̀ o, mo mọ̀ yín. Èmi wà. Màmá òyìnbó kan tí mò ń wẹ̀ fún bi mí lánàá pé ṣé a ń rí oúnjẹ jẹ níbi tí mo ti wá. Mo ní rárá, afẹ́fẹ́ là ń jẹ. Ó dì mọ́ mi, ó ní pẹ̀lẹ́.

Ara yín kò gbé e kẹ̀? Ẹ̀yin tí ẹ ṣì ń gun ọ̀kadà lọ sóko kòkó? Bọ̀dá Ọlámúyìwá ń pè yín ní ẹ̀gbọ́n láti kékeré. Ẹ̀yin lẹ kọ́ ọ ní ìwé kíkà. Ọjọ́ wo ni àbúrò bẹ̀rẹ̀ sí í jókòó lórí àga nígbà tí ẹ̀gbọ́n wà lórí ẹní? Ṣé nítorí èmi ni? Ṣé wọ́n ń bínú pé mi ò wálé sin Bàbá Akínbọ̀wálé ni? Tó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, màá wá dọ̀bálẹ̀ bí ọkùnrin.

Ohun mìíràn ń yọ mí lẹ́nu. Nígbà tí mò ń kọ ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo dé ibi tí mo ti máa kọ "ẹrú", mo sì gbé gègé sílẹ̀, bí ìgbà tí ènìyàn bá fẹ́ bú àgbà. Ni mo bá rántí ọjọ́ kan tí ẹ ti Àkúrẹ́ dé, tí mo sáré jáde, tí mò ń kígbe pé "Bàbá dé, ẹ wá gbé ẹrù!" Ìyá Cecilia, àgbà obìnrin ilé wa, fọ́ mi létí. Ó ní nílé yìí, ìdì là ń pè é. Mo bá ìdì lọ sílé ẹ̀kọ́ ní Ọ̀wọ̀. Mo ní kí wọ́n bá mi gbé ìdì mi, wọ́n ní ṣé ìdí tí mo fi ń jókòó ni. Mo jìyà yẹ̀yẹ́! Mo ní bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ ní Ìjẹ̀bú-Ọ̀wọ̀ nìyẹn. Tiwátọ́pẹ́ náà, títí di òní, "àyà ń já mi" ló máa ń sọ. Mi ò gbọ́ ọ kó sọ pé "ẹ̀rù ń bà mí" rí.

Mo pe ọmọ Ìjẹ̀bú-Ọ̀wọ̀ kan tó wà ní Leeds. Ó ní ẹrù ni àwọn ń pe ẹrù nílé tiwọn. Bàbá, ilé wa nìkan ni. Kí ló dé?

Ọmọ yín,
Folúkẹ́.


Ìjẹ̀bú-Ọ̀wọ̀,
Ọjọ́ kẹfà, oṣù kẹta, ọdún 2025.

Folúkẹ́ ọmọ mi,

Mo kí ọ. Mo fẹ́ parọ́ fún ọ. Mo ti kọ irọ́ náà tán, ó dára, ó ní orí ó ní ìdí. Mo kà á, ojú tì mí, mo ya á.

Ohun tí mo fẹ́ sọ yìí, ìyá rẹ Agatha kò mọ̀ ọ́n títí ó fi kú. Tiwátọ́pẹ́ kò mọ̀ ọ́n. Mi ò ní lo ọ̀rọ̀ náà gan-an. Tó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ Jàmáíkà, mo lè kọ ọ́ láìmí kanlẹ̀. Ṣùgbọ́n tó bá ti kan ilé wa, ọwọ́ mi kì í lè fa àmì orí rẹ̀.

Akínfẹ́mi tí a ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, bàbá bàbá mi, kì í ṣe ọmọ bíbí ilé Adédàmọ́lá. Ọ̀nà Afo ni wọ́n ti gbé e wá lákòókò ogun, ó sì kéré débi pé kò mọ orúkọ bàbá rẹ̀. Adédàmọ́lá rà á. Orúkọ tí òun fúnra rẹ̀ gbé wá, kò sẹ́ni tó bi í; Akínfẹ́mi ni wọ́n sọ ọ́. Ó roko títí ó fi di géńdé, wọ́n fún un ní ìyàwó, ó bí bàbá mi. Ìgbà náà ni òfin òyìnbó dé. Adédàmọ́lá ti kú. Ọmọ rẹ̀ tó gba ipò rẹ̀ pe Akínfẹ́mi, ó ní máa lọ sílé rẹ. Ìyá mi àgbà ló sọ ọ́ fún mi. Ó ní ọkọ òun gbé ọkọ́ lé èjìká, ó jáde. Kí ilẹ̀ tó ṣú, ó ti padà dé. Wọ́n bi í pé kí ló ṣẹlẹ̀. Ó ní òun dé oríta, òun ò mọ èwo ni tòun.

Láti ibí, bí o bá gun ọ̀kadà láàárọ̀, oòrùn ò ní kan àtàrí kí o tó dé Afo.

Ọmọ Adédàmọ́lá yẹn kì í ṣe ènìyàn burúkú. Ó kó gbogbo ilé jọ, ó da omi tútù sílẹ̀, ó ní láti ọjọ́ náà lọ, ọ̀rọ̀ yẹn ti kú. Ẹni tó bá pe ẹnikẹ́ni bẹ́ẹ̀ yóò san ewúrẹ́ kan, ẹni tí wọ́n bú ni yóò sì gba ewúrẹ́ náà. Kí ahọ́n ọmọdé má baà ṣèèṣì yọ̀, wọ́n gbé ẹrù jù sílẹ̀, wọ́n mú ìdì. Òyìnbó fi ìwé ṣe òfin tiwọn. Àwọn tiwa fi ẹnu ṣe é. Ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún, kò sẹ́ni tó san ewúrẹ́ yẹn rí. Nínú gbogbo ìwé tí mo kà, mi ò rí òfin ìjọba kan tí àwọn ènìyàn pa mọ́ tó bẹ́ẹ̀.

Ṣùgbọ́n ohun tí wọn kò sọ kọ́ ni ohun tí wọ́n gbàgbé. Wọ́n á máa ka ìran, wọ́n á dé ọ̀dọ̀ wa, wọ́n á wo ilẹ̀. Wọ́n á pín ẹran, ilé wa ni wọ́n á fi kádìí rẹ̀.

Nígbà tí mo jẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin, mo lọ sí Afo. Mo bá bàbá kan tó ń sá kòkó níwájú ilé rẹ̀. Mo ní mò ń wá àwọn ẹbí mi.

Ó ní, "Ta ni wọ́n?"

Mo ní ọmọ kan ni wọ́n gbé lọ níbí nígbà ogun.

"Kí lorúkọ rẹ̀?"

"Mi ò mọ̀ ọ́n, bàbá."

"Ilé wo ló ti lọ?"

"Mi ò mọ̀."

Ó wò mí títí. Kò fi mí ṣẹ̀sín o. Ó ní, "Ọmọ tó sọnù níbí pọ̀. Èwo ni kí n fún ọ nínú wọn?" Ó fún mi ní omi mu, mo wá ọkọ̀ padà.

Ìdí tí Ọlámúyìwá fi máa jẹ nìyẹn. Kò sẹ́ni tó sọ ọ́. Wọ́n kàn ní, "Babátọ́pẹ́, ìwọ náà mọ̀." Mo sì mọ̀. Mo bẹ̀ ọ́, jẹ́ kó parí síbẹ̀. Má sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni.

Bàbá rẹ.


Hull,
Ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún, oṣù kẹta, ọdún 2025.

Bàbá mi,

Ẹ kú ìrọ́jú. Mo ti sunkún, mo ti dákẹ́, inú ti wá ń bí mi. Kì í ṣe sí yín.

Ẹ ní kò sí òfin tí wọ́n pa mọ́ tó ti ilé wa. Ta ni òfin yẹn ń dáàbò bò? Wọ́n ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ sọ pé wọ́n ra ènìyàn. Ẹni tó rà á ni kò fẹ́ gbọ́! Omi tútù tí wọ́n dà sílẹ̀ yẹn, ẹnu yín ni wọ́n fi bò mọ́lẹ̀.

Èmi náà ti ń kàwé, ọmọ yín ni mí. Ní Haiti, àwọn ẹrú fúnra wọn ló jà tí wọ́n sì lé olówó wọn sókun. Ní Jàmáíkà, nígbà Kérésìmesì ọdún 1831, wọ́n ní àwọn ò ṣiṣẹ́ mọ́. Wọ́n so wọ́n kọ́ lọ́pọ̀lọpọ̀, ṣùgbọ́n kò pé ọdún méjì tí òfin fi jáde. Níbí, àwọn ìyàwó ilé kọ̀, wọn ò fi ṣúgà sí tíì mọ́, nítorí pé ẹ̀jẹ̀ wà nínú rẹ̀. Àwọn tí wọ́n ti tà rí kọ ìtàn ara wọn, wọ́n ń kà á láti ìlú dé ìlú: èmi nìyí, ohun tí wọ́n fi ojú mi rí nìyí. Bàbá, ẹ bá mi wá ẹnìkan ṣoṣo tó fi ìdákẹ́jẹ́ gba òmìnira.

Ìpàdé ẹbí lórí Wásáàpù máa wáyé lọ́jọ́ Sátidé, ọjọ́ kejìlélógún. Wọ́n fẹ́ kéde Bọ̀dá Ọlámúyìwá. Màá sọ̀rọ̀ níbẹ̀. Mi ò ní bú ẹnikẹ́ni. Màá kàn pe nǹkan náà ní orúkọ rẹ̀, màá ní òfin ti pa á, bàbá mi ló dàgbà jù, òun ló ni ipò. Tí ẹ kò bá fẹ́, ẹ dá mi lóhùn kí ọjọ́ náà tó pé. Tí mi ò bá gbọ́ nǹkankan, màá mọ̀ pé ẹ fọwọ́ sí i lọ́kàn yín.

Ọmọ yín tó nífẹ̀ẹ́ yín,
Folúkẹ́.


Ìjẹ̀bú-Ọ̀wọ̀,
Ọjọ́ kẹtàlélógún, oṣù kẹta, ọdún 2025.

Folúkẹ́,

Òní Sọ́ńdè yìí ni lẹ́tà rẹ wọlé sórí fóònù mi. Mo ti wà ní Elegbeka láti ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kẹrìnlá oṣù yìí, níbi tí a ti ń ṣán oko. Kò sí nẹ́tíwọ́ọ̀kì níbẹ̀, fóònù mi gan-an sì ti kú lọ́jọ́ kejì. Mo dé àárín ọgbà, àwọn ènìyàn ń kí mi, wọ́n sì ń yẹjú. Mi ò tíì bi ẹnikẹ́ni. Mo pè ọ́, o ò gbé e. Sọ fún mi pé iṣẹ́ pẹ́ ọ. Sọ pé o sùn lọ.

Ohun tó yẹ kí n ti sọ fún ọ tẹ́lẹ̀ nìyí. Lẹ́yìn ìsìnkú, Ọlámúyìwá nìkan wá bá mi nínú yàrá. Kò lè wo ojú mi. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, wọn ò ní gbà fún yín, ẹ̀yin náà mọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ fi ọwọ́ ara yín gbé e fún mi. Lọ́jọ́ tí ará ilé Abigail bá dé, tí wọ́n bá bèèrè ta ni Tiwátọ́pẹ́, olórí ẹbí ló máa dáhùn. Màá ní, ọmọ wa ni. Kò sẹ́ni tó máa fi kún un."

Ọmọ wa ni. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta péré. Òun ni mo fi ipò rà fún àbúrò rẹ.

O ò gbọ́ èyí lẹ́nu mi nítorí pé mo mọ ohun tí o máa pè é. O máa ní mo tún lọ sọ́jà. Mo bẹ̀ ọ́, tí o kò bá tíì sọ̀rọ̀, má sọ ọ́.

Bàbá rẹ.


Hull,
Ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n, oṣù kẹta, ọdún 2025.

Bàbá mi,

Mi ò sùn lọ. Mo sọ ọ́.

Mo sọ ọ́ tán, mo ń wo orúkọ gbogbo wọn lójú fóònù. Lẹ́yìn náà ni mo gbọ́ ohùn Ìyá Cecilia. Ó ní, "Ọmọ ta nìyẹn?" Ẹnìkan dá a lóhùn pé ọmọ Babátọ́pẹ́. Ó ní, "Háà. Òun ló fẹnu ara rẹ̀ pè é." Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í jáde ní ìpàdé lọ́kọ̀ọ̀kan. Bọ̀dá Ọlámúyìwá ló kẹ́yìn. Ó ní, "Folúkẹ́, kí lo ṣe wá báyìí?" Mo rò pé ipò ló ń dùn ún.

Lọ́jọ́ Túsìdeè, mo sọ̀rọ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo sọ ìtàn Akínfẹ́mi àti oríta yẹn. Wọ́n dìde, wọ́n pàtẹ́wọ́ fún mi. Àlùfáà nu ojú rẹ̀. Lẹ́yìn náà wọ́n fún mi ní tíì àti kéèkì, wọ́n bi mí pé ṣúgà mélòó.

Bàbá, kí ni kí n ṣe? Ṣé kí n bá bàbá Abigail sọ̀rọ̀? Ṣé kí n ra ewúrẹ́ náà? Ẹ sọ ohun tí màá ṣe, màá ṣe é. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ̀wé sí mi.

Folúkẹ́.


Hull,
Ọjọ́ kejìlélógún, oṣù kẹrin, ọdún 2025.

Bàbá mi,

Ẹ kú ọdún Àjíǹde. Ẹ ò kọ̀wé. Tí mo bá pè, ẹ̀ẹ́ ní ara yín le, ẹ̀ẹ́ ní ẹnìkan ń kanlẹ̀kùn. Tiwátọ́pẹ́ ti dí ọ̀nà mọ́ mi lórí fóònù. Mò ń ka àwọn lẹ́tà yín láti òkè, mò ń wá ibi tí mo ti gbọ́ ọ sódì, mo sì ń rí i. Ẹ ní "mo bẹ̀ ọ́". Èmi kà á sí ohùn ẹni tí wọ́n tẹ̀ mọ́lẹ̀. N kò kà á sí ohùn bàbá mi.

Ẹ bú mi. Ẹ ṣáà mú gègé, kí ẹ bú mi.

Folúkẹ́.


Ìjẹ̀bú-Ọ̀wọ̀,
Ọjọ́ kẹrin, oṣù karùn-ún, ọdún 2025.

Folúkẹ́ ọmọ mi,

Mo kí ọ. Oògùn dé, mo sì ń lò ó. Èébú kọ́ ni mo ń tọ́jú pa mọ́. Mi ò mọ ohun tí màá kọ ni.

Wọ́n pe ìpàdé. Ọlámúyìwá ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀, ó ní, "Ẹ jẹ́ ká fojú fò ó. Ìlú òyìnbó ti wọ ọmọ yẹn lórí, kò mọ ohun tó ń ṣe." Inú mi dùn. Ṣùgbọ́n Ìyá Cecilia dìde lórí ọ̀pá rẹ̀.

"Ẹ fojú fo kí ni? Òfin tó ti ń sùn láti ìgbà àwọn bàbá wa, ẹ̀ẹ̀kan tó máa jí, ẹ ní ká fojú fò ó. Tó bá kú lónìí, àwọn ọmọ tiyín ni wọ́n á kọ́kọ́ máa pe ọmọ Babátọ́pẹ́ bẹ́ẹ̀ lójú pópó. Ṣé ohun tí ẹ fẹ́ nìyẹn?"

Nínú gbogbo àwọn tó wà níbẹ̀, òun nìkan ló ń jà fún wa, ewúrẹ́ mi ló sì fi ń jà.

Ni wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ sí í tú òfin náà wò. "Ta ni wọ́n bú?" "Babátọ́pẹ́ àti ilé rẹ̀." "Ta ló bú wọn?" "Ọmọ Babátọ́pẹ́." "Ọmọ náà kò sí nílé, ta ló máa san án?" "Bàbá rẹ̀ ni." "Ta ni òfin ní kó gba ewúrẹ́?" "Ẹni tí wọ́n bú."

Ni ọ̀kan nínú àwọn ọ̀dọ́ bá ní, "A jẹ́ pé Bàbá máa fa ewúrẹ́ jáde lẹ́nu ọ̀nà iwájú, wọ́n á sáré gba ẹ̀yìnkùlé wọlé wá gbà á!"

"Kí wọ́n má gbàgbé láti dúpẹ́ lọ́wọ́ ara wọn o!"

"Tí ewúrẹ́ ò bá sì tóbi tó, kí wọ́n bá ara wọn jà!"

Ilé pa ẹ̀rín. Ìyá Cecilia rẹ́rìn-ín títí ó fi ń wúkọ́. Folúkẹ́, mo rẹ́rìn-ín. Ó pa mí lẹ́rìn-ín lóòótọ́. Ó tó ọjọ́ mẹ́ta kan tí gbogbo wa ti jọ rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀.

Lẹ́yìn tí wọ́n rẹ́rìn-ín tán, Ọlámúyìwá nu ojú rẹ̀, ó ní ní tòótọ́, orúkọ ilé ni ọ̀rọ̀ náà bà jẹ́, nítorí náà ilé Adédàmọ́lá ni kó gba ewúrẹ́. Gbogbo wọn ní bẹ́ẹ̀ ló rí. Mo lọ fà á wá. Wọ́n pa á lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn. Mo rántí àwọn olóko ìrèké tí wọ́n to lọ gbowó ní Lọ́ńdọ̀nù, ṣùgbọ́n kì í ṣe ọ̀rọ̀ tí ènìyàn ń sọ fún ẹni tó ń jẹun.

Àwọn ará ilé Abigail dé lọ́sẹ̀ tó tẹ̀lé Àjíǹde, bí wọ́n ṣe ṣèlérí. Bàbá rẹ̀ wọ aṣọ funfun. Ó bọ̀wọ̀ fún gbogbo wa. Ó ní, "Ẹ̀yin àgbà, a gbọ́ nǹkan ní Ọ̀wọ̀. Èmi kì í fi ohun tí mo gbọ́ lójú ọ̀nà dájọ́. Ẹ fún mi ní gbólóhùn kan, màá gbà á. Ta ni Tiwátọ́pẹ́ nínú ilé yìí?"

Ọlámúyìwá la ẹnu. Ó ní, "Ọmọ." Ó wò mí. Mo wo ilẹ̀, mi ò fẹ́ kó rí ojú mi. Mo ń bá a sọ ọ́ nínú ikùn. Ó tún bẹ̀rẹ̀, ó ní, "Ọmọ dáadáa ni."

Ọ̀rọ̀ mẹ́ta ni èyí náà.

Ọkùnrin yẹn mi orí. Ó ní, "A dúpẹ́. A ti gbọ́." Ó mu omi tí a gbé fún un tán, kó má baà jọ pé ó bínú. Wọ́n gbé igbá ẹ̀bùn tí wọ́n fẹ́ gbé sílẹ̀ padà sínú mọ́tò.

Mo bi Ọlámúyìwá lẹ́yìn náà. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bínú. Ká ní mo sọ ọ́ ṣáájú, òótọ́ ni ì bá jẹ́. Lẹ́yìn tí gbogbo wọ́n ti gbọ́ ti ọmọ yín, irọ́ ló máa jẹ́ lẹ́nu mi." Mo ti rò ó, mi ò sì rí àṣìṣe nínú ohun tó sọ.

Abigail fi ọ̀kadà wá lẹ́ẹ̀kan. Àwọn méjèèjì jókòó síta, wọn ò sọ̀rọ̀ púpọ̀. Nígbà tó lọ, àbúrò rẹ wọlé wá bá mi.

Ó ní, "Bàbá, ẹ mọ̀?"

Mo ní mo mọ̀.

"Ìyá mi ńkọ́?"

Mo ní kò mọ̀.

Ó ní, "Ẹ ò jẹ́ kó yàn fúnra rẹ̀. Abigail gbọ́, ó sì rí àyè yàn láti lọ. Ìyá mi kò rí i."

Ó kó aṣọ rẹ̀, ó ti lọ sí Àkúrẹ́, kò tíì pè.

O fẹ́ kí n sọ bóyá o ṣẹ̀. Mo ti yí i síhìn-ín, mo ti yí i sọ́hùn-ún. Ká ní o dákẹ́, Tiwátọ́pẹ́ ì bá ti fẹ́ ẹni tó fẹ́ràn, wọn ì bá bí ọmọ, ọmọ náà ì bá dàgbà sínú ohun tí wọn kì í sọ, ọjọ́ kan á sì kàn án láti wo ilẹ̀ bíi tèmi. O ò dákẹ́, o sì rí i. Nínú ìwé, ẹnìkan máa ń wà tó ń fa ilẹ̀kùn láti òde, ẹnìkan á sì máa taari rẹ̀ láti inú, ó sì máa ń ṣí. Nílé tiwa, gbogbo wa la wà nínú. Mi ò mọ ẹni tí òfin kan máa sọ fún pé kó fi wá sílẹ̀. Kò sẹ́ni tó dì wá mú.

Má wálé ní Kérésìmesì. Kì í ṣe ìbínú. Mi ò tíì mọ ẹni tó máa sọ fún ọ pé káàbọ̀ tí ìwọ náà máa gbà á gbọ́. Máa jẹun. Má sọ fún màmá òyìnbó yẹn mọ́ pé afẹ́fẹ́ là ń jẹ, ó lè kú tòun ti àánú wa.

Àwọn ará ilé ti ń jí, mo ń gbọ́ ẹni tó ń gbálẹ̀ lápá ọ̀dọ̀ Ọlámúyìwá. Ojúmọ́ ti mọ́ tó láti rí ìlà ìwé. Mo ti pa àtùpà.

Bàbá rẹ,
Babátọ́pẹ́.